Ojú Ìrán Aṣọ Òfì

Bí ẹ bá wọ ṣọ́ọ̀bù télọ̀ tó ń rán aṣọ òfì fún wa ní Ìbà Housing Estate, ẹ̀wù kọ́ lẹ ó kọ́kọ́ rí lórí tábìlì. Ọ̀já tẹ́ẹ́rẹ́ ni, tí wọ́n ká róbótó, tí kò fẹ̀ ju ínṣì 4 sí 6 lọ. Bó ṣe ń jáde lórí òfì ní Ìṣẹ́yìn nìyẹn. Ahunṣọ á fẹsẹ̀ tẹ igi ìsàlẹ̀, òwú gígùn á yà sí méjì, á fi òwú ìbú gba àárín rẹ̀ kọjá, á sì gbá a mọ́ra. Ẹrù wúwo ló ń fa òwú gígùn náà le lọ́ọ̀ọ́kán, tó ń wọ́ bọ̀ díẹ̀díẹ̀ bí aṣọ ṣe ń gùn sí i.

Ibi tí ahunṣọ dúró sí ni télọ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Ká ní ẹ fẹ́ aṣọ tó fẹ̀ tó ínṣì 60, tí ọ̀já sì jẹ́ ínṣì 5. Ẹni tó bá ṣírò lásán á ní 12 ti tó. Télọ̀ wa á gé 13, torí ojú ìrán kọ̀ọ̀kan ló ń jẹ díẹ̀ nínú aṣọ. Etí ọ̀já kì í tú; ojú ibi tí wọ́n gé ló ń tú. Nítorí náà, kó tó fi sísọ́ọ̀sì kàn án, á ti fi máṣìn rán ibẹ̀ kọjá.

Lẹ́yìn náà á tẹ́ ọ̀já méjì sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, á wo ilà wọn kó ṣe déédéé, á wá rán wọn pọ̀ láìfa ọ̀kankan. Ibẹ̀ gan-an ni iṣẹ́ wà. Tó bá fa ọ̀kan ju èkejì lọ, aṣọ á súnkì lójú ìrán, kò sí bí ẹ ṣe lè lọ̀ ọ́ tó tí á tọ́.

Ojú ìrán kì í ṣe fún síso aṣọ pọ̀ nìkan; ó ṣeé tú tó bá yá. Àwọn ará Norway náà mọ ọgbọ́n yìí. Nínú bunad, ẹ̀wù ìbílẹ̀ tí wọ́n ń wọ̀ lọ́jọ́ 17 oṣù Karùn-ún, ọjọ́ ayẹyẹ orílẹ̀-èdè wọn, wọ́n máa ń fi aṣọ púpọ̀ pa mọ́ sínú ojú ìrán, kí wọ́n lè tú u bí ẹni tó ni ín bá ń sanra.

Tiwa tún jù bẹ́ẹ̀ lọ, torí gbogbo rẹ̀ ló ṣeé tú. Mo gbé ìró sányán ìyá mi àgbà, tí òun náà jẹ́ aṣọ òfì, lọ bá télọ̀ yìí. Oòrùn ti pa á láwọ̀ dà lójú kan. Ó tú u lọ́jàá lọ́jàá, ó yí ẹ̀yìn wọn síta, torí ojú méjèèjì sányán tí kò ní ọnà bákan náà ni, ó sì tún wọn tò. Òun ni mo ró níbi ìgbéyàwó ọmọ mi.