Àwọn Tó Ń Ṣiṣẹ́ ní Èbúté Àpápá

Ọdún 1926 ni ibùdókọ̀ mẹ́rin àkọ́kọ́ parí ní Àpápá, l'Ékòó; iṣẹ́ ibẹ̀ kì í mọ ọ̀sán yàtọ̀ sí òru. Ọ̀gá ọkọ̀ tó ti Ṣáínà dé kì í dá wa ọkọ̀ wọlé. Páílọ́ọ̀tì tó mọ ìsàlẹ̀ omi Èkó bí ẹní mowó ló ń gun àkàsọ̀ okùn lọ bá a nígbà tí ọkọ̀ ṣì ń rìn. Tí ọkọ̀ bá ti gúnlẹ̀, àwọn òṣìṣẹ́ dọ́kì á tú irin tó so kọ̀ǹtánà mọ́ ara wọn, kíréènì á máa gbé wọn sọ̀kalẹ̀, akọ̀wé á máa kọ nọ́ńbà wọn. Wọ́n ń kánjú, nítorí owó gọbọi ni ọkọ̀ ń ná olówó rẹ̀ lójúmọ́, ì báà rìn, ì báà dúró.

Èèyàn ló ń ru àpò nígbà kan. Lọ́dún 1975, ìjọba ra sìmẹ́ńtì ju èyí tí èbúté lè já lọ. Ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọkọ̀ há sórí òkun. Láti dín ìhágágá yẹn kù, wọ́n ṣí èbúté mìíràn, Tin Can, lọ́dún 1977. Kọ̀ǹtánà ló wá gba iṣẹ́ ọ̀pọ̀ aláàárù.

Ọkọ̀ máa ń kánjú lọ, ṣùgbọ́n ẹrù kì í tètè lọ. Ejẹ́ǹtì tó ń bá oníbàárà gba ẹrù á sáré láti ọ́fíìsì ilé-iṣẹ́ ọkọ̀ òkun dé báńkì, láti báńkì dé ọ̀dọ̀ kọ́sítọ́ọ̀mù, tí wọ́n á ṣí kọ̀ǹtánà, tí wọ́n á yẹ ọjà inú rẹ̀ wò. Bí ọjọ́ ọ̀fẹ́ bá kọjá, dẹ̀mọ́réèjì, ìyẹn owó ìdádúró kọ̀ǹtánà, ń gorí owó ìpamọ́, oníbàárà sì ń pe fóònù láìdákẹ́.

Ti dérébà tírélà ló burú jù. Ìlà wọn máa ń gùn dé Ìjọ́rà àti Mile 2, kí ètò orí íntánẹ́ẹ̀tì tó ń pe tírélà wọ èbúté tó bẹ̀rẹ̀ ní 2021. Nígbà náà, abẹ́ ọkọ̀ ni àwọn kan ti ń sùn, ibẹ̀ náà ni wọ́n ti ń wẹ̀. Ìdúró yìí kan náà ni àwọn olóúnjẹ ń jẹ ní tiwọn: ìrẹsì, ẹ̀bà, omi inú ọ̀rá, wọ́n ń tà á títí ilẹ̀ fi ń mọ́.

Nígbà tí ẹrù bá dé ilé ìtajà, ó tún ku òfìfo kọ̀ǹtánà. Dérébà ní láti dá a padà fún ilé-iṣẹ́ ọkọ̀ òkun, kí ejẹ́ǹtì tó lè gba owó tó fi dúró lórí rẹ̀.