Dígí àti Àkókò

Ìbéèrè tí mo gbé ka iwájú yín ni èyí: ǹjẹ́ dígí lè fi àná hàn wá? Ní tèmi, ohun tí ó ti kọjá nìkan ni dígí ń fi hàn. Ìmọ́lẹ̀ a máa rin nǹkan bí 300,000 kìlómítà láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Bí a bá dúró ní Ẹ̀rìn-Ilé níhìn-ín, tí dígí sì wà ní kìlómítà 15 sí wa, àwòrán wa yóò lo ìdá kan nínú 10,000 ìṣẹ́jú àáyá kí ó tó padà dé ọ̀dọ̀ wa.

Ní oṣù Keje ọdún 1969, àwọn tí wọ́n wọ ọkọ̀ Apollo 11 gbé ohun èlò kan kalẹ̀ lórí òṣùpá, tí ń dá ìmọ́lẹ̀ padà bí dígí. Ìmọ́lẹ̀ tí a tàn sí i láti ayé ń lo bí ìṣẹ́jú àáyá méjì ààbọ̀ ní àlọ àti àbọ̀. Nípa wíwọn àkókò yìí ni àwọn onímọ̀ fi mọ̀ pé òṣùpá ń fi nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 3.8 jìnnà sí wa lọ́dọọdún.

Bí dígí bá jìnnà tó bẹ́ẹ̀ tí ìmọ́lẹ̀ fi lo odindi ọjọ́ kan ní àlọ àti àbọ̀, àná ni a óò rí nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n dígí náà ti gbọ́dọ̀ wà ní ipò kí ìmọ́lẹ̀ náà tó dé ibẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ tí ó ti kọjá lọ kò ṣeé lé bá. Nítorí náà, ẹni tí ó bá fẹ́ kí ọ̀la rí òní, kí ó tètè gbé dígí tirẹ̀ kalẹ̀.