Ǹjẹ́ Fóòmù Ọmọ Yín Bá Bẹ́ẹ̀dì Rẹ̀ Mu?

Ọ̀rọ̀ tí a mú wá lọ́tẹ̀ yìí, ọ̀rọ̀ iyàrá ọmọ ni, ojú wa sì rí nǹkan kí a tó kọ ọ́.

Ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, a ra fóòmù méjì fún àwọn ọmọkùnrin wa. Ẹni tó tà á ní “síìsì báì tírì” ni. A lọ bá káfíńtà kan ní Ìyànà Ìpájà pé kí ó bá wa kan bọ́ǹkì, ìyẹn bẹ́ẹ̀dì alájà méjì, nítorí iyàrá wọn kò gbòòrò. Ó béèrè irú fóòmù tí a ní. A ní síìsì báì tírì. Ó kọ ọ́ sára pákó, ó gba owó àsansílẹ̀, ó dọjọ́ fún wa. Igi tó lò dára, kò sí ìṣó tó yọrí níbì kankan. Ṣùgbọ́n nígbà tí bẹ́ẹ̀dì délé, fóòmù kọ̀, kò wọlé. A fi orúnkún tì í, a tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ níhà orí àti níhà ẹsẹ̀, ó wá yọ gegele láàárín bí ẹ̀yìn ràkunmí. A ní yóò rọlẹ̀ tó bá yá. Kò rọlẹ̀. Lóru ọjọ́ kẹta, a gbọ́ gbì! Àbúrò tó sùn lókè ti yí láti orí gegele náà kọjá igi ìdènà, ó sì já sílẹ̀. Iwájú orí rẹ̀ là. Lóru náà ni a gbé e lọ fún rírán. Ọpẹ́ ni fún Olúwa pé kò jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Bí ilẹ̀ ti mọ́, a gbéra lọ bá káfíńtà pẹ̀lú ìbínú. Bàbá náà kò bá wa jà. Ó mú téèpù, ó tẹ̀ lé wa délé, ó wọn inú bẹ́ẹ̀dì lójú wa: gígùn rẹ̀ ínṣì 72, ìbú rẹ̀ ínṣì 36. Ẹsẹ̀ bàtà 6 sí 3 géérégé ni. Ó wá na téèpù sórí fóòmù. Ínṣì 75! Ẹnu wa wọhò.

Ibi tí ọ̀rọ̀ wà nìyí. Lọ́jà wa, síìsì báì tírì kì í ṣe ìwọ̀n, orúkọ ni. Fóòmù ẹlẹ́nìkan tí wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀ sábà máa ń gùn ní ínṣì 75, ó sì fẹ̀ ní 36. Èyí tí wọ́n ń pè ní 6 sí 2½, tí ọmọ ilé ìwé ń gbé lọ sí bọ́dìn, gùn ní 75 bákan náà, ó fẹ̀ ní 30. 6 sí 3½ fẹ̀ ní 42. Bẹ́ẹ̀dì ẹlẹ́nìkan àwọn ará Bírítéènì náà, ẹsẹ̀ bàtà 6 àti ínṣì 3 ni gígùn rẹ̀, ìyẹn 75. Ínṣì mẹ́ta yẹn ni ẹnu ọjà máa ń gbé mì. Àwa tí a sùn lórí tìmùtìmù oníkoríko nílé ìwé kò mọ ìyọnu yìí, nítorí koríko a máa gba bí àyè bá ti rí. Fóòmù kì í gbà bẹ́ẹ̀. Ìwé Deutarónómì orí 3, ẹsẹ 11, kò tilẹ̀ dúró lórí pé ibùsùn Ógù ọba Báṣánì tóbi. Ó sọ gígùn rẹ̀ ní ìgbọ̀nwọ́ 9, ìbú rẹ̀ ní 4, ó sì sọ irú ìgbọ̀nwọ́ tí wọ́n fi wọ̀n ọ́!

Nítorí náà, ẹ ra fóòmù ṣáájú, kí ẹ fi téèpù wọ̀n ọ́ fúnra yín, kí ẹ tó bá káfíńtà sọ̀rọ̀. Inú bẹ́ẹ̀dì ni kí ẹ ní kí ó wọ̀n, kì í ṣe ẹ̀yìn rẹ̀, nítorí nínípọn igi yóò tàn yín jẹ. Ínṣì kan péré lé lórí fóòmù tó fún àgbàlagbà àti ọmọ tó ti dàgbà, kí ọwọ́ lè rí àyè ki ṣíìtì bọ abẹ́. Àlàfo tó bá jù bẹ́ẹ̀ lọ kò dára. Ní ti bẹ́ẹ̀dì ìkókó, bí ìka méjì yín bá wọ àárín fóòmù àti igi tí àyè ṣì kù, fóòmù náà kéré jù. Ojú ọmọ lè há síbẹ̀ kí èémí rẹ̀ sé. Ẹ má fi ìró dí i. Ẹ wá fóòmù tó bá a mu.

Bí ó bá jẹ́ bọ́ǹkì, ẹ wo nínípọn fóòmù tòkè dáadáa. Ìlànà ààbò ti Amẹ́ríkà ni pé igi ìdènà gbọ́dọ̀ ga ju orí fóòmù lọ ní ínṣì 5 ó kéré tán, àti pé ọmọ tí kò tíì pé ọdún 6 kò gbọdọ̀ sùn lókè. Bí igi ìdènà bá ga ní ínṣì 10 láti orí pákó, tí ẹ sì gbé fóòmù onínṣì 8 lé e, ínṣì 2 péré ló kù láti di ọmọ mú. Àwọn pákó abẹ́ fóòmù náà, kí wọ́n má ṣe jìnnà síra. Fóòmù yóò máa rì sáàárín wọn.

Àwọn tó ń ra bẹ́ẹ̀dì tòkunbọ̀, ẹ ṣọ́ra. Èyí tó bá ti Bírítéènì wá yóò sábà gba fóòmù wa, ṣùgbọ́n èyí tí wọ́n kọ 90 sí 200 sí lára, tó wọ́pọ̀ ní Jámánì, yóò fi bí ínṣì mẹ́rin sílẹ̀ lófo níhà ẹsẹ̀.

Ṣíìtì ńkọ́? Arábìnrin kan nínú ìjọ wa rí ṣíìtì òkìrìkà tí wọ́n kọ “twin” sí lára, ó rà á tayọ̀tayọ̀ nítorí pé ó bí ìbejì. Bẹ́ẹ̀dì ẹlẹ́nìkan ni àwọn ará Amẹ́ríkà ń pè bẹ́ẹ̀, ínṣì 38 sí 75! Ó gba fóòmù Táíwò, Kẹ́hìndé sì ń wo ìyá rẹ̀ lójú. Àwọn ṣíìtì onírọ́bà bẹ́ẹ̀, fóòmù tó nípọn gan-an ni wọ́n rán ọ̀pọ̀ wọn fún. Lórí fóòmù onínṣì 6, yóò máa ká jọ sábẹ́ ọmọ.

Bí ẹ bá fẹ́ rán an fúnra yín, ìṣirò rẹ̀ kò le. Fún fóòmù 75 sí 36 tó nípọn ní ínṣì 6: ẹ fi 6 kún ẹ̀gbẹ́ kọ̀ọ̀kan fún nínípọn rẹ̀, ẹ tún fi 6 kún un fún èyí tí ẹ máa kì bọ abẹ́. Ìbú yóò jẹ́ 60, gígùn yóò jẹ́ 99, ìyẹn yáàdì 2 àti mẹ́ta nínú mẹ́rin. Ẹ fi díẹ̀ lé e fún ìṣẹ́tí, kí ẹ sì fọ aṣọ òwú kí ẹ tó gé e, nítorí ó ń súnkì. Àǹkárá tó fẹ̀ ní bí ínṣì 45 kò lè dá a bò láìsí ojú rírán, ojú rírán náà yóò sì máa ha ọmọ lára. Àwọn ìyá a máa gbàgbé nẹ́ẹ̀tì ẹ̀fọn nínú gbogbo èyí. Etí òun náà gbọ́dọ̀ gùn tó láti há sábẹ́ fóòmù yípo.

Káfíńtà wa tú bọ́ǹkì náà, ó pààrọ̀ àwọn igi gígùn àti pákó ìbú rẹ̀, ó kàn án ní 76 sí 37, ó sì gbé igi ìdènà sókè. Àwa la san owó igi. Kí ó tó lọ, ó fi pẹ́ńsù kọ ìwọ̀n náà sábẹ́ pákó. Ìyá àwọn ọmọ náà kọ ti fóòmù sínú ìwé, ó ki téèpù aránṣọ bọ báàgì rẹ̀, ó sì gba ọjà lọ láti ra ṣíìtì.