Ìmọ̀ràn fún Ẹni Tí Ọmọ Rẹ̀ Ń Ṣiṣẹ́ Nínú Ọkọ̀ Elépo

Ìyá kan wá bá mi ní dípẹ́ńsárì lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin ríṣẹ́ nínú ọkọ̀ ojú omi tí ń já bẹntiróòlù ní Àpápá, ó sì ń wá oògùn èébì orí omi fún un. Mo fún un. Ṣùgbọ́n mo ní, “Ìyá, kì í ṣe òkun ni mo ń bẹ̀rù fún ọmọ yín, táǹkì ni.”

Bí wọ́n bá já epo tán, táǹkì kì í ṣófo bí a ti rò. Afẹ́fẹ́ tí a ń mí ní ọ́síjìn tó ìdá 21 nínú ọgọ́rùn-ún. Nínú ọkọ̀ elépo ńláńlá, kí iná má baà ṣẹ́, wọn a máa fi gáàsì mìíràn kún táǹkì, tí ọ́síjìn ibẹ̀ kò ní ju ìdá 8 lọ. Iná kò lè jó níbẹ̀, ènìyàn náà kò sì lè mí níbẹ̀. Nínú àwọn kékeré, gáàsì tí ń jáde lára ìyókù epo nìkan tó láti pa ènìyàn. Ó lè má wúkọ́ rárá kó tó ṣubú.

Àwọn epo rọ̀bì kan tún ní gáàsì tí ń rùn bí ẹyin tó bàjẹ́. Bí ó bá pọ̀ jù, imú kì í gbóòórùn rẹ̀ mọ́, ènìyàn a sì rò pé ewu ti lọ.

Èyí tó ń dùn mí jù ni ti ẹnì kejì. Ó rí ọ̀rẹ́ rẹ̀ nílẹ̀, àánú ṣe é, ó bẹ́ wọlé láti gbé e, òun náà dùbúlẹ̀ tì í. Nígbà mìíràn ẹnì kẹta á tẹ̀ lé wọn. Kí ọmọ yín pariwo, kí ó pe àwọn yòókù, kí ó má sì wọlé láìpọn ìgò afẹ́fẹ́ sẹ́yìn, kí ìbòjú rẹ̀ sì wà lójú. Aṣọ tí a fi dí imú kò ran nǹkan kan.

Láti ọdún 2015, òfin àgbáyé ní kí wọ́n máa ṣe ìdánrawò irú ìgbàlà yìí, ó kéré tán lẹ́ẹ̀kan ní oṣù méjì-méjì. Kí ẹnikẹ́ni tó wọlé, kí wọ́n fi ẹ̀rọ yẹ afẹ́fẹ́ wò lókè, láàárín àti nísàlẹ̀, kí ẹnì kan sì dúró lẹ́nu ọ̀nà. Bí ọ̀gá bá ní kí ó yára wọlé láìṣe èyí, kí ó kọ̀. Ọ̀gá lè bínú. Ẹ jẹ́ kó bínú.

Nígbà tó bá dé ilé, bí àárẹ̀ kò bá lọ, tí èrìgì ń ṣẹ̀jẹ̀, kí ó má pe gbogbo rẹ̀ ní ibà. Bẹ́ńsíìnì inú epo lè ba mùdùnmúdùn eegun jẹ́, ó sì lè fa jẹjẹrẹ inú ẹ̀jẹ̀. Kí ó lọ yẹ ẹ̀jẹ̀ wò ní ọsibítù. Ọ̀pọ̀ wọn a máa sọ fún dókítà pé sélà ni àwọn, wọn a sì dákẹ́. Kí ó sọ pé ọkọ̀ elépo ni.