Mánúkà, Igi tí Àwọn Àgbẹ̀ Pè ní Èpò

Ẹni tí ó bá ń ka ìwé wòlíì Àìsáyà yóò bá igi mírtílì pàdé níbẹ̀, níbi tí a ti fi í ṣe àpẹẹrẹ ilẹ̀ tí Ọlọ́run bùkún. Ẹbí igi yìí pọ̀ ní ayé. Gúáfà tí àwọn ọmọdé ń ká jẹ jẹ́ ọ̀kan nínú wọn, bẹ́ẹ̀ sì ni kànáfùrù tí a ń tà ní ọjà. Ọ̀kan mìíràn ń hù ní ilẹ̀ Niu Sílándì, ní ìhà gúúsù Òkun Pàsífíìkì, tí àwọn Máórì, onílẹ̀ ibẹ̀, ń pè ní mánúkà. Ó yẹ kí gbogbo àgbẹ̀ gbọ́ ìtàn rẹ̀, nítorí àwọn àgbẹ̀ ilẹ̀ náà làkàkà láti pa á run kí wọ́n tó mọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀.

Mánúkà kì í sábà ga púpọ̀. Ewé rẹ̀ kéré, ó sì mú ṣónṣó. Òdòdó rẹ̀ funfun, nígbà mìíràn a sì máa pọ́n fẹ́ẹ́rẹ́. Igi rẹ̀ le tó bẹ́ẹ̀ tí àwọn Máórì fi ń gbẹ́ ọ̀kọ̀, àjẹ̀ àti igi ìwalẹ̀. Wọ́n sì ń fi ewé àti èèpo rẹ̀ ṣe àgbo. Nígbà tí ọ̀gákọ̀ James Cook gúnlẹ̀ síbẹ̀ ní ọdún 1773, òun àti àwọn atukọ̀ rẹ̀ ń rẹ ewé náà sínú omi gbígbóná, wọ́n sì ń mu ún bí tíì.

Lẹ́yìn èyí ni àwọn àgbẹ̀ òyìnbó dé. Wọ́n jó igbó, wọ́n sì sọ ọ́ di pápá koríko fún àgùntàn. Ṣùgbọ́n mánúkà a máa hù kíákíá lórí ilẹ̀ tí a ti jó àti ilẹ̀ tí kò lọ́ràá, nítorí náà wọ́n kà á sí èpò. Wọ́n gé e, wọ́n jó o, síbẹ̀ ó ń padà hù. Ní ìparí àwọn ọdún 1930, a rí kòkòrò wínníwínní kan tí ó ti ilẹ̀ Ọsirélíà wá, tí ó ń fa omi ara igi náà mu títí yóò fi dúdú, tí yóò sì kú. Inú àwọn àgbẹ̀ dùn. Ní àwọn ọdún 1940, wọ́n ń gé ẹ̀ka tí kòkòrò náà wà lára rẹ̀, wọ́n sì ń gbé e láti oko dé oko kí ó lè ràn. Ọ̀pọ̀lọpọ̀ òkè ni mánúkà gbẹ lórí wọn. Àrùn mìíràn tí ó ń pa kòkòrò náà ni ó dẹ́kun rẹ̀ ní àwọn ọdún 1950, tí igi náà fi rí ààyè.

Ní oṣù kẹta ọdún 1988, ìjì líle tí a ń pè ní Bola jà ní ìlà-oòrùn erékùṣù Àríwá. Òkè tí kìkì koríko bò wó lulẹ̀, ọ̀gbàrá sì gbé erùpẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n níbi tí mánúkà àti kánúkà tí ó jọ ọ́ ti hù, ilẹ̀ kò wó tó bẹ́ẹ̀, nítorí gbòǹgbò wọn dì í mú. Lábẹ́ òjìji wọn pẹ̀lú ni àwọn igi ńlá igbó ti ń hù padà.

Oyin rẹ̀ náà ní ìtàn tirẹ̀. Mary Bumby, arábìnrin ìránṣẹ́ Ọlọ́run kan ní Ìjọ Mẹ́tọ́díìsì, ni ó kọ́kọ́ kó oyin wọ ilẹ̀ náà, sí ilé Míṣọ́n ní Mangungu, ní ọdún 1839. Àwọn tí ń sin oyin kò fẹ́ràn ti mánúkà, nítorí ó ki, ó sì ṣòro láti fà jáde nínú afárá. Ní àwọn ọdún 1980, Peter Molan ti Yunifásítì Waikato fi hàn pé ó ní agbára àrà ọ̀tọ̀ láti pa kòkòrò àrùn. Ní ọdún 2008, àwọn onímọ̀ ní Dresden ní ilẹ̀ Jámánì rí ohun tí ó fún un ní agbára náà, tí a ń pè ní methylglyoxal. Lónìí, àwọn dókítà ń fi irú oyin yìí di ọgbẹ́, owó rẹ̀ sì ju ti oyin mìíràn lọ fíìfíì.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe ṣi èyí gbọ́. Oyin tí dókítà ń lò ni a ti pa gbogbo kòkòrò inú rẹ̀. Kí a má ṣe da oyin ọjà sójú egbò. Bẹ́ẹ̀ ni kí a má ṣe fún ọmọ ọwọ́ tí kò tíì pé ọdún 1 ní oyin kankan, nítorí ó lè mú àìsàn tí í pa ọmọ wá.

Ewu tuntun dé bá mánúkà ní ọdún 2017. Àrùn ìpáàrà, tí í bo ewé bí ìyẹ̀fun aláwọ̀ ìyeyè, wọ ilẹ̀ náà. Ara gúáfà ní ilẹ̀ Bràsíìlì ni àwọn onímọ̀ ti kọ́kọ́ ṣàpèjúwe rẹ̀ ní ọdún 1884. Afẹ́fẹ́ a máa gbé e, irúgbìn tí ènìyàn rù kiri a sì máa gbé e. Nítorí náà, kí àgbẹ̀ má ṣe mú ọ̀gbìn wá láti ilẹ̀ òkèèrè láìjẹ́ pé àwọn tí ìjọba yàn yẹ̀ ẹ́ wò.

Àwọn baba wa ní, ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Kí àgbẹ̀ tó fi iná sí ìgbẹ́ tí kò mọ̀, kí ó kọ́kọ́ bèèrè ohun tí ó ń ṣe fún ilẹ̀, fún oyin, àti fún ara ènìyàn. Iṣẹ́ ọjọ́ kan ni jíjó. Ilẹ̀ tí ọ̀gbàrá bá gbé lọ kì í padà ní ìgbà ayé ọmọ wa.