Tẹ́slímù Balógun: Agbábọ́ọ̀lù tí Ó Di Olùkọ́

Ẹni tí ó bá dé Odò-Ẹrẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́, nígbà tí oòrùn bá ti rọ̀ díẹ̀, kò ní ṣàì rí àwọn ọmọ tí wọ́n ń gbá bọ́ọ̀lù lórí pápá ilé-ìwé, àti olùkọ́ kan láàárín wọn tí ó ká ẹsẹ̀ ṣòkòtò rẹ̀ sókè, tí ó fi fèrè há ẹnu. Kò sí ẹni tí ń san kọ́bọ̀ fún olùkọ́ náà nítorí iṣẹ́ ìrọ̀lẹ́ yìí. Owó oṣù tí ó ń gbà, ti ìṣirò àti gírámà ni. Mo dúró wò ó ní ọjọ́ kan. Ó dá eré dúró, ó pe ọmọ kan tí ó ti ń fi gbogbo agbára lé bọ́ọ̀lù kiri, ó sì bi í pé, "Ta ni o ti wò kí bọ́ọ̀lù tó dé ọ̀dọ̀ rẹ?" Ọmọ náà wolẹ̀, kò rí èsì fọ̀. Mo gbé ìbéèrè náà délé, òun ni ó sì mú mi rántí Tẹ́slímù Balógun.

Apá kìn-ín-ní ìtàn Tẹ́slímù kò ṣàjèjì sí wa. Ọmọ Èkó ni, ṣùgbọ́n Port Harcourt ni ó ti lọ sí ilé-ìwé. Bí ó bá ta bọ́ọ̀lù, à á rò pé ààrá ni ó sán, nítorí èyí ni wọ́n fi sọ ọ́ ní Thunder. Ó gbá bọ́ọ̀lù fún ẹgbẹ́ àwọn òṣìṣẹ́ ọkọ̀ ojú-irin, ó gbá a ní Jọ́ọ̀sì, ó sì gbá a fún Pamol ní Kàlàbá. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ kíyè sí àwọn ìlú wọ̀nyí. Ní àkókò tí àwọn olóṣèlú ń pín ilẹ̀ yìí sí Àríwá, Ìlà-Oòrùn àti Ìwọ̀-Oòrùn, tí wọ́n sì ka àwa ará Kàbà mọ́ Àríwá bí ẹni pé èdè ẹnu wa kò jámọ́ nǹkan, ọmọ Yorùbá yìí ń lọ káàkiri, ìlú tí ó bá sì dé a máa kà á sí ọmọ tiwọn. Bàbá kan ní Odò-Ẹrẹ̀, tí ó ti di olóògbé, tí ó ṣe iṣẹ́ ìwakùsà ní Jọ́ọ̀sì nígbà èwe rẹ̀, a máa sọ fún wa pé ní ọjọ́ tí Tẹ́slímù bá fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù, ẹnikẹ́ni kì í béèrè ẹ̀yà tí ó ti wá.

Ní oṣù kẹjọ ọdún 1949, ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Nàìjíríà wọ ọkọ̀ ojú-omi Apapa láti Èkó lọ sí ìlú Òyìnbó fún ìgbà àkọ́kọ́. Etim Henshaw ni olórí wọn, Tẹ́slímù sì wà nínú àwọn 18 tí ó lọ. Ẹsẹ̀ lásán ni èyí tí ó pọ̀ jù nínú wọn fi ń gbá bọ́ọ̀lù. Wọ́n kọ́kọ́ pàdé ẹgbẹ́ Marine ní Crosby, wọ́n sì na wọ́n ní ayò 5 sí 2, ẹnu ya àwọn òyìnbó. Ṣùgbọ́n ìdíje 9 ni wọ́n gbá lápapọ̀, 2 péré ni wọ́n borí. Agbára wà nínú ẹsẹ̀ àwọn ọmọ wa nígbà náà. Ohun tí ó kù díẹ̀ káàtó, lójú tèmi, ni ẹ̀kọ́.

Ní ọdún 1955, Tẹ́slímù tún kọrí sí ìlú Òyìnbó láti fi bọ́ọ̀lù ṣe iṣẹ́ òòjọ́. Ó dé ọ̀dọ̀ Peterborough United, ààyè kò gbà á níbẹ̀. Ó lọ sí Skegness, láti ibẹ̀ ó bọ́ sí Queens Park Rangers ní Lọ́ńdọ̀nù ní sáà 1956 sí 1957. Ìdíje 13 ni ó gbá fún wọn nínú líìgì, ayò 3 ni ó jẹ. Àwọn tí ó fẹ́ràn rẹ̀ lè fẹ́ kí n fi ọ̀rọ̀ yìí pamọ́. N kò ní fi í pamọ́. Ọkùnrin tí gbogbo Èkó ń pariwo orúkọ rẹ̀ wá di ẹni tí ń jókòó, tí ń wo àwọn ẹlòmíràn bí wọ́n ti ń gbá bọ́ọ̀lù.

Ohun tí ó ṣe lẹ́yìn èyí ni mo fẹ́ kí ẹ̀yin olùkọ́ fi ọkàn sí. Ó sọ ara rẹ̀ di akẹ́kọ̀ọ́. Ó kọ́ iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá títí ó fi gba ìwé ẹ̀rí, àwọn tí ń kọ ìtàn eré ìdárayá wa a sì máa kà á sí ọmọ Áfíríkà àkọ́kọ́ tí ó gbà á. Ó padà wálé, ó sì dé Ìbàdàn, ìlú tí Ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn kọ́ pápá ńlá Liberty sí ní ọdún 1960.

Púpọ̀ nínú wa ni ó rò pé ẹni tí ó bá ti mọ bọ́ọ̀lù gbá ti mọ̀ ọ́n kọ́ni. Irọ́ gbáà ni. Ògbójú ọdẹ tí ìbọn rẹ̀ kì í tàsé kò lè yọ ojú rẹ̀ fún ọmọ iṣẹ́. Àfi kí ó wá ọ̀rọ̀ tí yóò fi ṣàlàyé ohun tí ojú rẹ̀ ń rí, kí ó sì mú sùúrù títí ojú ọmọ náà yóò fi là. Bákan náà ni bọ́ọ̀lù. Ẹsẹ̀ Tẹ́slímù lè ta bọ́ọ̀lù láti ọ̀nà jíjìn. Ọmọ tí ó ń kọ́ kò ní irú ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀. Kí ni kí ó sọ fún un? Ibi tí yóò dúró sí, ẹni tí yóò wò, ìgbà tí yóò sáré àti ìgbà tí kò gbọdọ̀ sáré. Ẹ̀yin tí ẹ ti kọ́ ọmọ kíláàsì kìn-ín-ní ní ìwé kíkà mọ ohun tí mo ń wí.

Ní ọdún 1968, nígbà tí ogun abẹ́lé ń jà ní ilẹ̀ wa, Tẹ́slímù wà lára àwọn tí ó tọ́ ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Nàìjíríà dé ìdíje Òlíḿpíìkì ní Mẹ́síkò, èyí tí a kò dé rí nínú bọ́ọ̀lù. Jàpáànì nà wá ní 3 sí 1, Sípéènì nà wá ní 3 sí òdo. Ṣùgbọ́n nígbà tí a pàdé Bràsíìlì, 3 sí 3 ni a parí rẹ̀ sí. Ní ọjọ́ 30 oṣù keje ọdún 1972, Tẹ́slímù sùn, kò sì jí mọ́.

Ìjọba Èkó sọ pápá ìṣeré kan ní Sùúrùlérè ní orúkọ rẹ̀. Ọdún 2007 ni wọ́n ṣí i, wọ́n sì gbá Ife Àgbáyé àwọn ọmọ tí kò tíì ju ọdún 17 lọ níbẹ̀ ní ọdún 2009. Ó yẹ ẹ́. Síbẹ̀, bí ẹ bá bi àwọn tí ń wọ pápá náà léèrè ìdí tí a fi sọ ọ́ ní orúkọ Tẹ́slímù, ìtàn ààrá ni wọn yóò sọ fún yín. Ìtàn ìwé ẹ̀rí náà kò sí lẹ́nu wọn.

Ìgbàgbé yìí ti nà wá ní nǹkan. Adégbóyè Onígbìndé, ọmọ Modákẹ́kẹ́, tí ó ti ṣe tíṣà rí, ni ó kó ẹgbẹ́ Nàìjíríà dé ìparí ìdíje Ife Áfíríkà ní Abidjan ní ọdún 1984, níbi tí Mudà Lawal ti kọ́kọ́ jẹ ayò kí Kámẹ́rúùnù tó yí i padà sí 3 sí 1. Ní ọdún 2002, wọ́n tún pè é ní kánmọ́kánmọ́ kí ó kó ẹgbẹ́ náà lọ sí Ife Àgbáyé, lẹ́yìn tí wọ́n ti lé Shaibu Amodu tí ó gba àyè náà fún wa. Ó fi Vincent Enyeama, ọmọ ọdún 19, ṣọ́ ilé nígbà tí a pàdé Gẹ̀ẹ́sì, bọ́ọ̀lù kò sì wọlé. Àmì kan ṣoṣo ni a mú bọ̀, àwọn ènìyàn sì bú Onígbìndé. Ní ọdún 2009, Amodu yìí kan náà tún gba àyè Ife Àgbáyé fún wa. Wọ́n tún yọ ọ́, wọ́n wá gbé Lars Lagerbäck, òyìnbó ará Swídìn, wá. Kí ni ó mú bọ̀ láti Gúúsù Áfíríkà ní ọdún 2010? Àmì kan ṣoṣo náà ni. Nígbà tí ó di ọdún 2013, Stephen Keshi, tí ó ti jẹ́ olórí àwọn agbábọ́ọ̀lù wa nígbà tí a gba Ife Áfíríkà ní 1994, gba ife náà gẹ́gẹ́ bí akọ́nimọ̀ọ́gbá. N kò sọ pé òyìnbó kò mọ iṣẹ́. Òyìnbó ni ó kọ́ Tẹ́slímù fúnra rẹ̀. Ohun tí mo ń sọ ni pé a ní àwọn tí wọ́n ti kọ́ iṣẹ́, a kò sì gbà pé wọ́n kọ́ ọ.

Ẹ̀yin ará wa nínú ẹgbẹ́ òṣèlú, ẹ gbà mí láyè kí n bá yín sọ̀rọ̀ díẹ̀. Bí ìbò bá ti ń súnmọ́lé, ẹ óò kó bọ́ọ̀lù àti ẹ̀wù agbábọ́ọ̀lù wá, àwòrán olùdíje yín yóò sì wà láyà ẹ̀wù náà. A dúpẹ́. Ṣùgbọ́n kí oṣù mẹ́ta tó pé, bọ́ọ̀lù náà á ti bẹ́. Odò-Ẹrẹ̀ ni olú ìlú ìjọba ìbílẹ̀ Ìwọ̀-Oòrùn Yàgbà, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń ṣètò ìnáwó. Ẹ bá wa bi àwọn tí ẹ yàn: èló ni yóò ná wọn láti máa rán olùkọ́ kan ṣoṣo lọ́dọọdún sí ilé-ẹ̀kọ́ National Institute for Sports ní Èkó, kí ó lọ kọ́ iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá, kí ó sì padà wá gba àfikún owó lórí iṣẹ́ ìrọ̀lẹ́ rẹ̀? Láti Ẹ̀gbẹ̀ títí dé Odò-Ẹrẹ̀, àwọn olùkọ́ tí ó yẹ kí a rán kò ṣòro láti rí. Àwọn ni ó ní fèrè lẹ́nu.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tí mo wí yẹn, kí n tó kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ pápá, bọ́ọ̀lù tún dé ọ̀dọ̀ ọmọ náà. Lọ́tẹ̀ yìí, ó ti gbé orí sókè kí ó tó dé. Ó rí ẹnìkejì rẹ̀ ní ọwọ́ òsì, ó ta á sí i. Olùkọ́ náà kò yìn ín. Ó fọn fèrè, ó ní kí wọ́n tún un ṣe.