Sapara Williams: Agbẹjọ́rò ní Ilé Ìgbìmọ̀ Gómìnà

Ẹni tí ó bá gba ọ̀nà Ìbà tàbí Okokomaiko wọ Ọ̀jọ́ lónìí yóò bá àwọn akẹ́kọ̀ọ́ òfin pàdé ní Yunifásítì Ìpínlẹ̀ Èkó, tí a dá sílẹ̀ ní 1983. Lójú wọn, kò sí ohun ìyanu nínú pé kí ọmọ ilẹ̀ yìí di agbẹjọ́rò. Bẹ́ẹ̀ kọ́ ni ọ̀ràn rí ní ayé ìgbà tí Christopher Alexander Sapara Williams wá sí Èkó.

Ìran Ìjẹ̀ṣà ni Williams, ṣùgbọ́n Sàró ni wọ́n bí i sí, ní 1855. Ní ìgbà náà, agbẹjọ́rò tí ó kẹ́kọ̀ọ́ gboyè ṣọ̀wọ́n ní Èkó. Nítorí náà ni òfin ilé-ẹjọ́ ti 1876 ṣe gba Adájọ́ Àgbà láàyè láti fún àwọn tí ó mọ̀wé díẹ̀, tí wọ́n sì mọ iṣẹ́ kóòtù, ní àṣẹ láti máa gba ẹjọ́ rò. Williams kò gba ọ̀nà àbùjá yìí. Ó lọ sí Inner Temple ní Lọ́ńdọ̀nù, ó sì gboyè ní ọjọ́ 17 oṣù kọkànlá, 1879. Ó kọ́kọ́ ṣiṣẹ́ ní Gold Coast, tí í ṣe Gánà òde òní, kí ó tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Èkó ní 1888.

Ẹ kíyè sí i pé ìwé nìkan kọ́ ni ó sọ ọ́ di olókìkí. Adájọ́ Òyìnbó lè mọ òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dunjú; bí ọ̀rọ̀ bá di ti ilẹ̀ ẹbí tàbí ti ogún, kò sí ìwé tí yóò ṣí. Williams mọ òfin ìbílẹ̀ tí a kò kọ sílẹ̀, ó sì mọ bí a ṣe ń ṣàlàyé rẹ̀ ní kóòtù.

Ní 1901 ni ó di ọmọ Ìgbìmọ̀ Aṣòfin. Gómìnà ni ó ń yan àwọn ọmọ ìgbìmọ̀ náà, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ni wọ́n sì pọ̀ jù níbẹ̀. Williams lè sọ̀rọ̀. Kò lè fi ìbò borí. Ní 1904, ó dá àbá pé kí a yí ààlà padà kí gbogbo ẹni tí ń sọ èdè Yorùbá lè wà lábẹ́ ìjọba kan náà. Wọn kò gbà fún un. Abẹ́ ìjọba Àríwá ni Ìlọrin àti Ọ̀fà wà síbẹ̀.

Ní 1905, nígbà tí ó lọ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó bá wọn sọ ọ́ níbẹ̀ pé ó yẹ kí Èkó ní ilé-ẹ̀kọ́ tí a ó ti máa kọ́ àwọn olùkọ́. (Kí ẹni tí ń kọ́ iṣẹ́ olùkọ́ ní Ìjànìkìn, lẹ́bàá Ọ̀jọ́, má ṣe rò pé ọ̀rọ̀ àná ni.)

Èyí tí ó le jù dé ní 1909, nígbà tí ìjọba gbé òfin kan wá láti fìyà jẹ ẹni tí ọ̀rọ̀ tàbí ìwé rẹ̀ bá dà bí ọ̀tẹ̀. Williams tako ó gidigidi, nítorí ó rí i pé ẹnu àwọn oníwèé-ìròyìn Èkó ni wọ́n fẹ́ dè. Òfin náà kọjá. Àwọn kan lè béèrè ìdí tí kò fi kọ̀wé sílẹ̀. Ìdáhùn kò jìnnà: bí ó bá jáde, ta ni yóò tún sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ sí gómìnà létí?

Ó wà nínú ìgbìmọ̀ náà títí ó fi kú ní ọjọ́ 15 oṣù kẹta, 1915. Ọdún 8 lẹ́yìn náà, ní 1923, ni a kọ́kọ́ dìbò yan àwọn ọmọ Ìgbìmọ̀ Aṣòfin: àwọn 3 láti Èkó, ẹyọ 1 láti Calabar.